Ẹ Má Jẹ́ Kí Àlọ́ Parẹ́ Nílé Wa



Láyé ìgbà tiwa, ẹni tó bá sọ Yorùbá nínú kíláàsì yóò san owó ìtanràn. Èmi náà san án lọ́jọ́ kan tí mo ń pa àlọ́ Ìjàpá fún ẹni tó jókòó tì mí. N kò dá àwọn olùkọ́ wa lẹ́bi. Ire wa ni wọ́n ń wá. Ṣùgbọ́n ní sáà kan náà ni a ń ka ìwé D. O. Fágúnwà, tí a sì ń yìn ín.

Olùkọ́ àti Kristẹni ni Fágúnwà, ọmọ Òkè-Igbó. Ìwé rẹ̀, Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀, jáde ní 1938. Nínú rẹ̀, ẹnìkan ń sọ ìtàn, ẹnìkejì ń kọ ọ́ sílẹ̀, èrò tó wá gbọ́ sì ń pọ̀ sí i. Kí ni èyí bí kò ṣe agbo àlọ́ tí a gbé wọ inú ìwé? Wọlé Ṣóyínká túmọ̀ rẹ̀ sí èdè Gẹ̀ẹ́sì ní 1968. Igi tí a ń yìn lókè yìí, àlọ́ ni gbòǹgbò rẹ̀.

Àwọn kan nínú àwa ìránṣẹ́ Ọlọ́run ń wí pé ọ̀rọ̀ asán ni àlọ́. Kí wá ni Nátánì fi bá Dáfídì wí? Kò kọ́kọ́ dárúkọ ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀. Ìtàn ọ̀dọ́ àgùntàn kan ni ó sọ, ọba sì fi ẹnu ara rẹ̀ dá ẹjọ́. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni Ìjàpá ṣe ń fi èrè ọ̀kánjúwà han ọmọ láìsí ẹgba.

Ní Kérésì tó kọjá, mo pe "Ààlọ́ o!" sí àwọn ọmọ-ọmọ mi. Kò sẹ́ni tó dáhùn. Wíwò ni wọ́n ń wò mí. Ojú tì mí, nítorí n kò pa àlọ́ fún bàbá wọn rí. Iṣẹ́ ìjọ ni mo fi ṣe àwáwí.

Nítorí náà, mo bẹ ẹgbẹ́ wa: bí a ti ń dáwó tún yàrá ìkàwé ṣe, kí a ya alẹ́ kan sọ́tọ̀ ní sáà kọ̀ọ̀kan, kí àgbà pa àlọ́, kí àwọn ọmọ sì kọ ohun tí wọ́n gbọ́ sílẹ̀. Ẹ̀yin òbí, ẹ bẹ̀rẹ̀ nílé lálẹ́ òní. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́.

Kí Olúwa bùkún ilé-ìwé wa. Àmín.