SÌMẸ́ŃTÌ ÀPÁPÁ: TA LÓ SAN ÁN?

Ẹ̀yin ènìyàn wa, bí ìjọba bá ti ní oníṣòwò tó ń kó ọjà wá fún un, tí àdéhùn rẹ̀ kò tíì parí, tí ìjọba kan náà wá tún pe tẹ́ńdà tuntun lórí ọjà ọ̀hún, ẹ má wí pé ìjà àwọn olówó ni. Bí ó bá dé kóòtù, àpò yín ni wọn yóò tọwọ́ bọ̀. Àwọn àgbà inú yín ti mọ ibi tí à ń lọ. Ọ̀rọ̀ sìmẹ́ńtì ni. Ẹ jẹ́ ká tún un sọ nítorí àwọn ọmọ tó fẹ́ dìbò, tí wọn kò tíì dáyé nígbà náà.

Ní 1974 sí 1975, owó epo ń rọ́ wọlé. Ìjọba Ọ̀gágun Gowon fẹ́ kọ́ bárékè fún àwọn ológun. Kò burú, ta ló ní kí sójà má sùn sílé? Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn ọ̀gá mú gègé, wọn ò mọ ìgbà tó yẹ kí wọ́n gbé e sílẹ̀. Àdéhùn 109 ni wọ́n bu ọwọ́ lù, pẹ̀lú oníṣòwò 68, fún sìmẹ́ńtì tó lé ní mílíọ̀nù 16 tọ́ọ̀nù. Ọjà ẹni àkọ́kọ́ kò tíì gúnlẹ̀, wọ́n ti ń bá ẹlòmíràn dúnàádúrà! Owó rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tó bílíọ̀nù kan dọ́là. Ká ní wọ́n bi àwọn òṣìṣẹ́ Àpápá léèrè ni, wọn ìbá sọ fún wọn pé èbúté Èkó kò lè gba ìdajì ẹrù yẹn lọ́dún kan.

Ọkọ̀ ojú omi tò lọ rẹrẹẹrẹ lójú òkun, ọgọ́rọ̀ọ̀rún wọn. Sìmẹ́ńtì ń dì gbagidi nínú àpò. Ojoojúmọ́ tí ọkọ̀ bá sì dúró, owó ìdádúró tí wọ́n ń pè ní dẹ́múrééjì ń gùn ún.

Ìjọba Murtala gorí àlééfà ní July 1975. Nígbà tó di August, wọ́n tẹ wáyà sí àwọn oníṣòwò pé kí wọ́n má kó ọjà wá mọ́, wọ́n sì yí ọ̀nà ìsanwó padà láìgba ohùn ẹnì kejì. A gbà pé wàhálà ọlọ́wàhálà ni wọ́n jogún. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí kóòtù ṣe wò ó. Ilé-iṣẹ́ Trendtex ti Switzerland pe Báńkì Àgbà ilẹ̀ wa lẹ́jọ́ ní Lọ́ńdọ̀nù, nítorí ìwé tí báńkì náà fi dúró fún owó 240,000 tọ́ọ̀nù. Báńkì ní apá ìjọba lòun, ẹnikẹ́ni ò lè pe òun lẹ́jọ́. Ní 1977, Adájọ́ Denning àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní irọ́ ni, kí ẹjọ́ máa lọ. Ní 1981, kóòtù kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ní New York sọ irú rẹ̀ fún ilé-iṣẹ́ mẹ́rin mìíràn, tí olúkúlùkù wọn ní àdéhùn 240,000 tọ́ọ̀nù ní 60 dọ́là tọ́ọ̀nù kan. Ẹ bá wa ṣírò rẹ̀: mílíọ̀nù 14.4 dọ́là lórí ẹyọ kan!

Bí ẹ bá ti fún alásè kan lówó fún ìnáwó yín, tí ẹ tún lọ pe alásè kejì, ṣé aládùúgbò ni yóò san owó ìkòkò méjèèjì?

Lónìí, òfin ìrajà ìjọba àpapọ̀ ti 2007 ní kí owó ti wà nínú bọ́jẹ́ẹ̀tì kí wọ́n tó pe tẹ́ńdà. Ẹni tó du tẹ́ńdà tí wọ́n rẹ́ jẹ sì lè fẹjọ́ sùn láàrin ọjọ́ iṣẹ́ 15. Ó dára. Ṣùgbọ́n ẹni tó ní àdéhùn àtijọ́ lọ́wọ́, kóòtù ló ń sá lọ, pé kí adájọ́ dá tẹ́ńdà tuntun dúró. Ohun tí adájọ́ yóò kọ́kọ́ wò ni bóyá ìwé sọ pé òun nìkan ni yóò kó ọjà wá. Bí kò bá sọ bẹ́ẹ̀, ìjọba lè rà níbòmíràn. A ò ní purọ́ fún yín nítorí ìbò. Bí ó bá sì sọ bẹ́ẹ̀, owó gbà-máà-bínú dé nìyẹn, ọ̀gá tó bu ọwọ́ lùwé kò sì ní yọ kọ́bọ̀ nínú owó oṣù rẹ̀.

Ohun tí ẹgbẹ́ wa ń bèèrè kò le. Níbi tí wọ́n bá lẹ tẹ́ńdà tuntun mọ́, kí wọ́n lẹ àdéhùn tó wà nílẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀: ta ni, èló ni, mélòó ló ti kó wá, ọjọ́ wo ni yóò parí. Bí àwọn tó wà lórí àga bá wá tọrọ ìbò ní àdúgbò yín, ẹ bi wọ́n. Bí àwa náà bá débẹ̀ tí a kò ṣe é, ẹ mú ìwé ìròyìn yìí wá sí ọ́fíìsì wa.