Ẹni Tí A Fẹ̀sùn Ìjínigbé Kàn Náà Ní Ẹ̀tọ́

A bá gbogbo òbí tí wọ́n jí ọmọ wọn gbé kẹ́dùn. Síbẹ̀, abala 36 ìwé òfin Nàìjíríà ti 1999 sọ pé aláìṣẹ̀ ni afurasí títí ilé ẹjọ́ yóò fi dá a lẹ́bi. Ní Èkó, ikú ni ìyà tí òfin ìjínigbé ti 2017 là sílẹ̀ bí ẹni tí wọ́n jí gbé bá kú sí ajínigbé lọ́wọ́. Irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ kì í ṣe èyí tí à ń dá níwájú oníròyìn, kí afurasí jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ láìwọ bàtà, ṣẹkẹ́ṣẹkẹ̀ lọ́wọ́. Òfin Èkó ti ka àfihàn yẹn léèwọ̀ fún ọlọ́pàá láti 2021. Ẹ̀yin ọlọ́pàá, ẹ gba ọ̀rọ̀ afurasí sílẹ̀ níwájú agbẹjọ́rò, tàbí kí ẹ fi fídíò ká a. Bí ẹ bá lu aláìṣẹ̀ títí ó fi jẹ́wọ́, ajínigbé gan-an ṣì wà nígboro.