Ta Ní Sọ Pé A Kò Ní Ọ̀rọ̀?

Àwọn òǹkọ̀wé wa kan ń hùmọ̀ ẹgbẹ́ oníṣẹ́-ọnà tí ń yí àkókò àti ayé padà nínú ìtàn àròsọ, wọ́n sì ń tọrọ orúkọ iṣẹ́ náà lọ́wọ́ òyìnbó. Wọ́n ní Yorùbá kò ní in. Irọ́ ni! Kí ni kánàkò tí ń sọ ọ̀nà jíjìn di kúkúrú? Kí ni àféèrí? Ṣé Àkàrà-Ògùn kò lo egbé nínú Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ tí Fágúnwà gbé jáde ní 1938 ni? N kò ní kí a gbà wọ́n gbọ́. Mo ní kí a mọ̀ wọ́n. Ẹ̀bi náà kan àwa olùkọ́ tí a kì í dárúkọ wọn ní kíláàsì. Ẹni tó ní ẹ̀wù nílé, tó tún ń yá aṣọ aláṣọ wọ̀, ara rẹ̀ ló ń tàn.