Ta Ní Sọ Pé Owó Mọ́gééjì, Owó Ara Ẹni Ni?

Ọ̀rọ̀ kan wà tí ọmọ Yorùbá kì í pẹ́ gbọ́ tó bá ti dé London tàbí Manchester: "Owó ilé tí ò ń san fún onílé yẹn, ègbé ló ń gbé. Lọ gba mọ́gééjì, kó o máa san owó ara ẹ fún ara ẹ." Wọ́n á sọ ọ́ níbi ìsọmọlórúkọ, wọ́n á tún un sọ lẹ́yìn ìsìn, ẹ̀gbọ́n á fi gba àbúrò níyànjú lórí fóònù. Ìfẹ́ ni wọ́n fi ń sọ ọ́, kò sí ẹni tó fẹ́ tan ẹnìkejì rẹ̀ jẹ níbẹ̀. Síbẹ̀, ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe òótọ́, ó sì ti ti ọ̀pọ̀ ìdílé wa sínú gbèsè tí wọn kò wo ìdí rẹ̀ kí wọ́n tó tọwọ́ bọ̀wé.

N kò ní kí ẹnikẹ́ni má ra ilé o. Ẹni tó bá nílé lórí ní ìlú òyìnbó ti bọ́ lọ́wọ́ onílé tó lè ní kó kó jáde, ohun ńlá sì nìyẹn fún ẹni tó lọ́mọ níléèwé. Ohun tí mo ń bá jà ni irọ́ tó ní pé bí owó bá ti ń jẹ́ owó mọ́gééjì, ìyẹn owó tí à ń san lórí gbèsè tí a yá lọ́wọ́ báńkì láti ra ilé, kò kúrò nílé. Ó ń kúrò. Ní ọ̀pọ̀ ọdún àkọ́kọ́, èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀ ló ń lọ tí kì í sì í padà.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò ó. Ká ní tọkọtaya kan yá £250,000 lọ́wọ́ báńkì láti ra ilé ní Dagenham, èlé rẹ̀ jẹ́ 5% lọ́dún, wọn yóò sì san án fún ọdún 25. Iye tí wọn yóò máa san lóṣù jẹ́ £1,461 àti díẹ̀. Nínú owó oṣù àkọ́kọ́, £1,041 àti díẹ̀ jẹ́ èlé. Èyí tó dín gbèsè kù kò pé £420. Owó tí wọ́n fi ayọ̀ san, tí wọ́n ní àwọn san án fún ara àwọn, ó ju ìdá méjì nínú mẹ́ta lọ tó wọ àpò báńkì.

Lẹ́yìn ọdún márùn-ún, wọ́n á ti san nǹkan bí £87,700. Ẹ bi wọ́n pé èló ló kù lọ́rùn wọn. Nǹkan bí £221,450 ni. Gbogbo làálàá ọdún márùn-ún, iṣẹ́ alẹ́ ní ilé ìwòsàn, iṣẹ́ òpin ọ̀sẹ̀ ní ilé àwọn arúgbó, £28,550 péré ló yọ kúrò nínú gbèsè. Nǹkan bí £59,000 ti bá èlé lọ. Ó di ẹ̀yìn ọdún mọ́kànlá kí èyí tó ń dín gbèsè kù tó pọ̀ ju èlé lọ nínú owó oṣù kan. Ìgbà tí ọdún 25 bá sì pé, wọn yóò ti kó nǹkan bí £438,400 sílẹ̀ nítorí £250,000 tí wọ́n yá. Àwọn àgbà ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ó ju èje lọ. Iye tí wọ́n kọ sára pátákó iwájú ilé ni ẹ̀fà yẹn.

Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń ṣìnà ni ìdá 5 nínú ọgọ́rùn-ún yẹn. Wọ́n rò pé bí 5% lórí £250,000 bá jẹ́ £12,500, a ó san £12,500 lé ojú owó, ọ̀rọ̀ ti parí. Kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan. Ọdọọdún ni báńkì ń ka ìdá 5 náà, lórí ohunkóhun tó bá ṣì ṣẹ́kù. Nítorí pé gbèsè kì í tètè dín ní ìbẹ̀rẹ̀, èlé ńlá ni yóò máa ka lọ́dún dé ọdún. Kò sí màgòmágó kankan níbẹ̀, báńkì kò sì fi pa mọ́. Àwa ni a kì í béèrè.

Irú gbèsè báyìí kò ṣàjèjì sí wa. Samuel Johnson ṣàlàyé ètò ìwọ̀fà nínú The History of the Yorubas, ìwé tó jáde ní 1921. Ẹni tó bá yá owó a fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà, iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe fún olówó sì ni èlé. Bó bá roko títí tí irun rẹ̀ fi funfun, ojú owó ṣì wà bí wọ́n ṣe yá a, àfi ọjọ́ tí wọ́n bá kó gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Mọ́gééjì kan wà nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì títí di òní tó rí bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́, èyí tí wọ́n ń pè ní interest-only. Èlé nìkan lẹ ń san. Lórí £250,000 wa yẹn ní 5%, ẹ óò san £312,500 láàárín ọdún 25, ẹ óò sì tún jẹ báńkì ní £250,000 géérégé. Láàárín 1980 sí 1999, ọ̀pọ̀ ènìyàn gba irú rẹ̀, wọ́n sì so ó mọ́ ìdókòwò tí wọ́n ń pè ní endowment, wọ́n ní yóò dàgbà tó láti san ojú owó lọ́jọ́ ìkẹyìn. Ìdókòwò ọ̀pọ̀ wọn kò dàgbà tó. Ọjọ́ pé, owó kò pé. Mọ́gééjì tí à ń san èlé àti ojú owó pọ̀ sàn ju ìyẹn lọ fíìfíì, nítorí pé ó ń tán bó pẹ́ bó yá. Ṣùgbọ́n ẹ wo ọdún márùn-ún àkọ́kọ́ tí mo ṣírò lókè, kí ẹ sọ fún mi bó ṣe jìnnà sí ìwọ̀fà tó.

Ohun tó wá ń dun mí jù ni ọ̀rọ̀ ọdún 35. Ọ̀pọ̀ nínú wa kò tètè dé ìlú yìí. Nọ́ọ̀sì tó ti ṣiṣẹ́ ní Nàìjíríà fún ọdún mẹ́wàá kó tó wá, ó lè tó ẹni ọdún 38 kó tó rí owó àsansílẹ̀ kó jọ. Burókà, ẹni tó ń báni wá mọ́gééjì, á wo owó oṣù rẹ̀, á ní owó náà á wọ̀ ọ́ lọ́rùn fún ọdún 25, ẹ jẹ́ ká fà á gùn di 35. Owó oṣooṣù á wálẹ̀ láti £1,461 sí nǹkan bí £1,262. Gbogbo ilé á dúpẹ́ nítorí £200 tó dín lóṣù. Kò sí ẹni tó máa sọ níjọ́ náà pé àpapọ̀ ohun tí wọn yóò san ti gòkè láti £438,400 sí nǹkan bí £529,900. £200 oṣù kan ti bí gbèsè £91,000 àti jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹni ọdún 38 yẹn yóò sì pé 73 kó tó san án tán, nígbà tó jẹ́ pé ọjọ́ orí tí ìjọba ń fún èèyàn ní owó ìfẹ̀yìntì wà láàárín 66 àti 67 báyìí. Ta ni yóò máa ṣiṣẹ́ alẹ́ fún báńkì ní ẹni ọdún 72?

Ìwé kan wà tí wọ́n gbọ́dọ̀ fún yín kí ẹ tó tọwọ́ bọ̀wé, Mortgage Illustration lorúkọ rẹ̀. Ẹ má fò ó. Ẹ wá ibi tí wọ́n ti ṣàlàyé kókó gbèsè náà, ẹ óò rí iye tí ẹ máa san lápapọ̀. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ìlà kan wà tó sọ iye tí ẹ óò san padà fún pọ́n-ùn kan ṣoṣo tí ẹ yá. Fún tọkọtaya tiwa, ká tó ka owó ìwé mọ́ ọn, yóò wà ní bíi £1.75 ní ọdún 25, £2.12 ní ọdún 35. Ìlà kékeré ni, kì í gba ìṣẹ́jú kan láti kà, kò sì sí ohun tí ẹnikẹ́ni lè fẹnu sọ fún yín tó ṣe kókó tó o.

Èlé kì í sì í dúró síbi tí ẹ bá a. Èyí tó wọ́pọ̀ ni kí báńkì dè é fún ọdún méjì tàbí márùn-ún, lẹ́yìn náà kí ẹ tún wá òmíràn. Nínú oṣù kẹta 2020, Báńkì Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì (Bank of England) fa èlé tirẹ̀, tí àwọn báńkì yòókù ń wò dá tiwọn, wálẹ̀ sí 0.1%. Nígbà tó fi máa di oṣù kẹjọ 2023, ó ti di 5.25%. Ẹni tó yá £250,000 fún ọdún 25 ní 2% ń san bíi £1,060 lóṣù. Irú gbèsè bẹ́ẹ̀ ní 6% di £1,611. Ilé kan náà, yàrá kan náà, òrùlé kan náà. Bí ẹ bá sì fẹ́ pààrọ̀ báńkì, owó ìwé lè tó £999, wọ́n á ní kí ẹ má ṣèyọnu, àwọn á kàn fi kún gbèsè. £999 yẹn á máa gba èlé títí lọ. Bó bá pẹ́ fún ọdún 25 ní 5%, ó di bíi £1,750. Ti àwọn tó ra fúláàtì tún wà lọ́tọ̀: owó ìtọ́jú tí wọ́n ń pè ní service charge, tí kò sí ẹni tó lè ṣèlérí pé kò ní lé lọ́dún tó ń bọ̀.

Wọ́n á ní, "Ilé ń gbówó lórí." Òótọ́ ni, lọ́pọ̀ ìgbà. Ṣùgbọ́n ẹni tó ra ilé ní £280,000, tó tà á ní £450,000 lẹ́yìn ọdún 25, tó ń sọ fún gbogbo ayé pé òun jèrè £170,000, kò tíì yọ èlé £188,000 tó san lórí £250,000 tó yá. Kò yọ òrùlé tó tún ṣe, kò yọ bọ́ílà tó pààrọ̀. Òdodo ni pé òun náà gbé inú rẹ̀, kò sanwó fún onílé. Nítorí náà, ìṣirò tó tọ́ ni kí á kó èlé, owó àtúnṣe, owó ìbánigbófò àti service charge jọ, kí á fi wọ́n wé owó ilé tí à bá máa san. Nígbà mìíràn ilé rírà á borí, pàápàá fún ẹni tó máa pẹ́ níbẹ̀. Ẹni tó máa ṣí lọ sí ìlú mìíràn láàárín ọdún mẹ́ta, àfàìmọ̀ kó má pàdánù. Àwọn mìíràn á tún ní ọjọ́ ń lọ, agbára owó ń dín, £1,461 òní kò ní wúwo bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn ogún ọdún. Mo gbà, bí owó iṣẹ́ yín bá ń gòkè bí ọjà ṣe ń gòkè. Ẹ bi àwọn tó ń tọ́jú arúgbó léèrè bóyá tiwọn ń gòkè bẹ́ẹ̀.

Ibì kan wà tí irọ́ yìí ti ń pa wá lára ju bó ṣe ń pa ẹ̀yà mìíràn lọ. Bí ilé Dagenham bá ti pé ọdún mélòó kan, wọ́n á ní, "Owó wà lára ilé yín, ẹ yọ ọ́." Àwa náà á yọ £30,000, a ó fi parí ilé tí a ń kọ́ ní Ìbàdàn tàbí Mowe, tàbí ká fi sìnkú bàbá wa. A rò pé owó wa la yọ. Gbèsè tuntun la gbà. Ní 5% fún ọdún 25, £30,000 yẹn á di bíi £52,600, £175 lóṣooṣù. Òkú ti wọlẹ̀, aṣọ ẹbí ti ṣá, a ṣì ń san án. Ẹni tó bá sì fọkàn sí i pé owó tí àwọn ayálégbé bá ń san ní Ìbàdàn ni yóò máa fi san gbèsè náà, kó rántí pé náírà ni wọ́n ń san, pọ́n-ùn sì ni báńkì ń gbà. Kí oṣù kẹfà 2023 tó dá sí méjì, dọ́là kan kò tó ₦500 ní ojú ọjà ìjọba. Nígbà tí 2024 fi máa parí, ó ti ju ₦1,500 lọ. Kò sí iye tí ayálégbé lè fi kún owó ilé tí yóò bá ìyẹn dọ́gba.

Gbèsè tó bá ti wà lọ́rùn, ẹ jẹ́ ká tètè gé e kúrú. Ọ̀pọ̀ báńkì máa ń gbà kí ẹ san tó ìdá 10 nínú gbèsè tó kù lé e lọ́dún láìsí ìtanràn, kódà nígbà tí èlé yín ṣì wà ní dídè. Lórí £250,000 wa yẹn, £100 péré tí ẹ bá fi kún owó oṣù láti ìbẹ̀rẹ̀ á gé ọdún mẹ́ta, ó dín díẹ̀, kúrò, á sì gba nǹkan bí £25,000 lọ́wọ́ èlé. £100 tí ẹ san ní ọdún kejì ń ṣe ju £100 ọdún kẹẹ̀dógún lọ, nítorí pé ó bọ́ kúrò nínú gbèsè nígbà tí èlé ṣì ní ọ̀pọ̀ ọdún láti jẹ ẹ́. Ẹ kọ́kọ́ bi báńkì yín bóyá wọn yóò fi dín ọdún kù ni àbí wọn yóò fi dín owó oṣù kù. Ẹ ní kí wọ́n fi dín ọdún kù, kí wọ́n sì kọ ọ́ sílẹ̀.

Àti ẹ̀yin tí ẹ ń ṣe ìdánilẹ́kọ̀ọ́ ilé rírà fún ẹgbẹ́ ọmọ ìlú, ẹ̀yin olórí ìjọ àti alága àsálátù tí àwọn èèyàn ń fọkàn tán, mo bẹ̀ yín: nígbà mìíràn tí ẹ bá pe burókà wá, ẹ ní kó mú Mortgage Illustration méjì dání, ti ọdún 25 àti ti ọdún 35, kó gbé wọn sójú ògiri, kó ka ìlà pọ́n-ùn kan yẹn sókè fún gbogbo èèyàn kí ó tó pín fọ́ọ̀mù.