Wọ́n Pàdánù Ìdíje 80: Ta Ló Rán Wọn Jáde Lọ́wọ́ Òfo?

Ní ilé ìwòran bọ́ọ̀lù tí a máa ń lọ ní Igbókọ̀dá, ẹni tí ikọ̀ rẹ̀ bá ti pàdánù lẹ́ẹ̀mẹta léraléra kì í jókòó síwájú mọ́. Ẹ̀yìn ló máa ń wà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ jẹnẹrétọ̀, kí ariwo ẹ̀rọ lè bá a bo yẹ̀yẹ́ mọ́lẹ̀. Ibẹ̀ la wà nígbà tí a wálé fún ìsinmi, tí ọ̀kan nínú wa fi sọ̀rọ̀ nípa ikọ̀ ilé ẹ̀kọ́ gíga kan ní Amẹ́ríkà tó pàdánù ìdíje 80 láìborí lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀gbọ́n tó ni ilé ìwòran náà ní, "Kí ni wọ́n tún wá ń jáde lọ gbá?"

Àwa náà rẹ́rìn-ín. Ìgbà tí a wá ìtàn náà kà délẹ̀ ni ẹ̀rín tán lẹ́nu wa.

Prairie View A&M ni ilé ẹ̀kọ́ náà ń jẹ́, ní ìpínlẹ̀ Texas, kò jìnnà sí Houston. Ọdún 1876 ni wọ́n dá a sílẹ̀ fún ọmọ àwọn aláwọ̀ dúdú, orí ilẹ̀ tí wọ́n ti ń fi ẹrú dáko rí ló sì wà. Bọ́ọ̀lù tí wọ́n ń gbá níbẹ̀ kì í ṣe irú tiwa. Ẹnu bọ́ọ̀lù náà ṣóńṣó, ọwọ́ ni wọ́n sábà fi ń gbé e sáré, wọ́n á dé akoto, wọ́n á sì fi nǹkan líle bo èjìká àti àyà, torí pé ńṣe ni wọ́n ń fi ara kọlu ara. Èèyàn 11 ló ń wà lórí pápá fún ìhà kọ̀ọ̀kan, ṣùgbọ́n àwọn tó ń kọlù yàtọ̀ sí àwọn tó ń dènà. Bí bọ́ọ̀lù bá ti bọ́ sọ́wọ́ ìhà kejì, àwọn 11 kan á jáde, 11 mìíràn á wọlé. Ẹ fi èyí sọ́kàn. Ikọ̀ tí èèyàn rẹ̀ kò bá tó, àwọn kan náà ni yóò máa kọlù, àwọn náà ni yóò tún máa dènà, níwájú ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sinmi tán.

Prairie View kì í ṣe ikọ̀ ọ̀lẹ látilẹ̀. Lábẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá Billy Nicks, wọ́n gba ipò kìíní láàrin àwọn ilé ẹ̀kọ́ gíga aláwọ̀ dúdú ní 1953, 1954, 1958, 1963 àti 1964. Ibẹ̀ ni Otis Taylor àti Ken Houston ti jáde kí wọ́n tó di gbajúmọ̀ láàrin àwọn tó ń fi bọ́ọ̀lù yẹn jẹun. Nígbà náà, àwọn ilé ẹ̀kọ́ àwọn aláwọ̀ funfun ní gúúsù Amẹ́ríkà kì í gba ọmọ dúdú sínú ikọ̀ wọn. Nígbà tí wọ́n wá ṣílẹ̀kùn, wọ́n fi owó àti pápá ńlá fa àwọn tó mọ̀ ọ́n gbá jù lọ. A ò lè bá ọmọ tó lọ wí. Ta ni nínú wa tí kò ní lọ?

Ọdún 1989 ni ìpàdánù náà bẹ̀rẹ̀. Ní 1990, owó kò sí, ilé ẹ̀kọ́ náà kò sì gbé ikọ̀ kankan jáde. Wọ́n padà ní 1991, ṣùgbọ́n láìsí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ fún agbábọ́ọ̀lù kankan. Inú líìgì kan náà ni wọ́n sì wà pẹ̀lú Grambling àti Southern, tí wọ́n ń fi ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ kó àwọn géńdé jọ. Ní 1994, wọ́n kọjá ìdíje 44 tí Columbia ti pàdánù léra láàrin 1983 sí 1988. (Columbia, ilé ẹ̀kọ́ olówó ní New York! Kò sẹ́ni tó rò pé ìyẹn lè ba orúkọ wọn jẹ́.) Ní Prairie View, ọ̀pọ̀ èèyàn ń wá sí pápá torí àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ tó ń fọn fèrè tí wọ́n ń lùlù nígbà ìsinmi àárín eré. Ó di ọjọ́ 26 oṣù kẹsàn-án 1998, ní Oklahoma City, kí wọ́n tó na Langston, 14 sí 12.

Ibi tí àwọn tó ń sọ ìtàn yìí ti máa ń dúró nìyẹn. Wọ́n á ní, ẹ wo ìfaradà! Àwa kò fara mọ́ ọn. Àwọn ọmọ yẹn ní ìfaradà, òótọ́ ni, ṣùgbọ́n wọ́n ti ní in láti ìdíje àkọ́kọ́. Ohun tí wọn kò ní ni owó, owó yẹn sì wà lọ́wọ́ àwọn àgbà kan tí wọ́n jókòó sí ọ́fíìsì. Nígbà tí ilé ẹ̀kọ́ náà tún ná owó lórí ikọ̀, wọ́n gba ife líìgì wọn ní 2009, ìgbà àkọ́kọ́ láti 1964.

Bóyá torí ibi tí a ti wá ni ọ̀rọ̀ yìí fi ń dùn wá. Gúúsù Oǹdó lo ju ọdún mẹ́wàá lọ láìní iná ìjọba. Ní Ayétòrò, òkun ń gbé ilé àti ilé ẹ̀kọ́ lọ. Àlejò yòówù tó bá sì gun orí pèpéle ní ilẹ̀ Ìlàjẹ, ìfaradà wa ló máa ń kọ́kọ́ yìn. Wọ́n á yìn wá tán, wọ́n á wọ ọkọ̀ wọn lọ.

Ní sáà tó kọjá, ikọ̀ ẹ̀ka wa lọ bá ilé ẹ̀kọ́ kan díje. Bàtà méje ló wà fún èèyàn 11. Àwọn tó kù wọ káńfáàsì, òjò sì ti rọ̀. Wọ́n jẹ wá ní 6 sí òdo, ọ̀kan nínú wa sì fi ẹsẹ̀ rọ́, kò sí ẹni tó mọ ohun tí a ń ṣe sí i. Nígbà tí a padà dé, wọ́n pè wá jọ, wọ́n ní a ṣe bí ọkùnrin.

Ọ̀kan nínú wa ní kí a má kọ èyí bẹ́ẹ̀. Ó ní bí àwọn ọmọ Prairie View bá ti kọ̀ láti jáde ní 1991, kò ní sí ikọ̀ tí ẹnikẹ́ni yóò náwó lé lórí lẹ́yìn náà. Ó ṣeé ṣe kó jẹ́ òótọ́. A ti jiyàn lé e lórí títí ilẹ̀ fi ṣú, a ò sì fẹnu kò.

Ṣùgbọ́n ìdíje tún ń bọ̀, wọ́n sì ti ní kí a fi orúkọ sílẹ̀. A ti kọ̀wé: bàtà 16, owó ọkọ̀ àlọ àti àbọ̀, àti ẹnì kan tó mọ ìtọ́jú ẹni tó bá fara pa. Bí ìdáhùn kò bá dé kí ó tó ku ọjọ́ kan, a máa lọ, a máa jókòó sí ẹ̀gbẹ́ pápá nínú aṣọ ilé wa, a ò sì ní wọlé.