Sinimá Kú, Orúkọ Rẹ̀ Kò Kú: Ta Ni Yóò Ta Aṣọ Funfun fún Ore àti Odígbó?

Bí agbèrò bá ń ké “Pen Cinema! Pen Cinema!” ní Èkó, kò sí ẹni tó ń wọ ọkọ̀ náà tó rò pé ilé sinimá ni òun ń lọ. Sinimá ọ̀hún ti lọ tipẹ́tipẹ́. Ó di orúkọ ibùdókọ̀ ní Agége, ó di orúkọ oríta, nígbà tó sì di ọdún 2021, ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó ṣí afárá ńlá kan tó ń jẹ́ orúkọ yẹn kan náà. Ọ̀dọ́ tó ń gba orí afárá náà kọjá lè má mọ̀ láéláé pé àwọn èèyàn ti fi ìgbà kan tò síbẹ̀ lálẹ́ láti ra tíkẹ́ẹ̀tì. Sinimá ti kú, orúkọ ló ń dá nìkan rìn kiri ìgboro.

Agége tiẹ̀ ṣì rí orúkọ dì mú. Ọ̀rọ̀ àwọn ìlú tí kò ní gbọ̀ngàn ńlá rí, tó jẹ́ pé ṣe ni sinimá máa ń wá bá wọn nílé, ló yẹ kó ká èèyàn lára jù. Ore wà lára irú àwọn ìlú bẹ́ẹ̀. Òun ni olú ìlú Ìjọba Ìbílẹ̀ Odígbó ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó, ibẹ̀ sì ni ọ̀nà tó ti Ṣágámù lọ sí Bìní ti pàdé èyí tó ti Oǹdó lọ sí Òkìtìpupa. Nínú oṣù kẹjọ ọdún 1967, lẹ́yìn tí àwọn ọmọ ogun Biafra ti gba Bìní tí wọ́n sì kọjú sí Èkó, agbègbè Ore ni wọ́n ti dá wọn dúró. Látìgbà náà ni “Ó le kú, ìjà Ore” ti wà lẹ́nu àwọn èèyàn. Ohun méjì ni ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá fi mọ ìlú náà títí dòní: ogun, àti oúnjẹ tí èrò ọkọ̀ ń sọ̀ kalẹ̀ jẹ. Bẹ́ẹ̀, ìkànìyàn ọdún 2006 fi hàn pé àwọn tó ń gbé ní Ìjọba Ìbílẹ̀ Odígbó lé ní 230,000. Àwọn yìí kì í ṣe èrò ọkọ̀. Níbo ni wọ́n ti ń jókòó pọ̀ wo ìtàn tí wọ́n fi èdè wọn sọ?

Oṣù kẹjọ ọdún 1903 ni wọ́n kọ́kọ́ fi àwòrán tó ń rìn han àwọn ará Èkó ní gbọ̀ngàn Glover. Nígbà tó yá, ilé sinimá wá pọ̀: Rex ní Ẹ̀búté Mẹ́ta, Ìdẹ̀ra ní Muṣin, Scala àti Odeon ní Ìbàdàn. Àwọn ará Lẹ́bánónì ló ni púpọ̀ nínú wọn, fíìmù Amẹ́ríkà, ti Íńdíà àti ti àwọn Ṣáínà tó ń ja kọnfú ni wọ́n sì ń fi hàn. Àwọn ará abúlé kò ní gbọ̀ngàn, ṣùgbọ́n ìjọba amúnisìn ń fi mọ́tò gbé ẹ̀rọ àti jẹnẹrétọ̀ lọ bá wọn. Aṣọ funfun ni wọ́n ń ta sí gbangba, tí wọ́n á fi ọ̀rọ̀ ìmọ́tótó àti iṣẹ́ àgbẹ̀ hàn lára rẹ̀, tọmọdé tàgbà á sì tú jáde.

Àwọn òṣèré alárìnjò ló wá sọ sinimá di ti Yorùbá. Lọ́dún 1976, Ọlá Balógun gbé Àjàní Ògún jáde, Adéyẹmí Afọláyan tí gbogbo ayé mọ̀ sí Ade Love sì kópa nínú rẹ̀. Nígbà tó di 1979, Ìjà Òmìnira tẹ̀ lé e, láti inú ìwé Ọmọ Olókùn Ẹṣin tí Adébáyọ̀ Fálétí kọ. Hubert Ògúndé náà mú Aiyé dé, lẹ́yìn náà Jáiyésinmi. Ní àkókò ọdún, èrò máa ń wọ́ tìrítìrí lọ sí Gbọ̀ngàn Ìṣeré ti orílẹ̀-èdè ní Ìgànmú, èyí tí wọ́n fi sọrí Wọlé Ṣóyínká lọ́dún 2024, nítorí fíìmù Yorùbá.

Ṣùgbọ́n àwọn tó ni ilé sinimá kò fi bẹ́ẹ̀ ka fíìmù Yorùbá sí. Fíìmù ilẹ̀ òkèèrè kò wọ́n wọn, àwọn tó sì ń pín in kiri ti bá wọn mọwọ́ ara wọn. Kí ni àwọn òṣèré ṣe? Wọ́n padà sí ojú ọ̀nà tí wọ́n ti mọ̀ láti ìgbà eré orí ìtàgé. Wọ́n di fíìmù àti ẹ̀rọ sínú ọkọ̀, wọ́n ń háyà gbọ̀ngàn ìlú, gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́ àti àgbàlá hòtẹ́ẹ̀lì. Ẹni tó ṣe fíìmù tàbí aṣojú rẹ̀ ni yóò jókòó ti ẹ̀rọ, tí yóò ka owó ẹnu ọ̀nà, tí yóò sì tún gbé fíìmù rẹ̀ lọ kí ilẹ̀ tó mọ́. Iṣẹ́ àṣelàágùn gbáà ni. Síbẹ̀, òun ló jẹ́ kí ẹni tí kò dé Ìbàdàn rí lè wo Ògúndé lára aṣọ funfun nítòsí ilé rẹ̀. Ìwé tó sọ ìtàn sinimá Èkó kò wọ́n. Ìtàn gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́ tó di sinimá fún alẹ́ kan ṣoṣo ló ṣọ̀wọ́n nínú wọn.

Ohun tó pa á kì í ṣe ẹyọ kan. Lẹ́yìn tí ìjọba gbé ètò àtúntò ọrọ̀ ajé kalẹ̀ lọ́dún 1986, náírà já wálẹ̀, bẹ́ẹ̀ òkèèrè ni fíìmù tí wọ́n fi ń ya àwòrán ti ń wá. Ìbẹ̀rù adigunjalè sé ọ̀pọ̀ èèyàn mọ́lé lálẹ́. Tẹlifíṣọ̀n wọ yàrá, fídíò sì tẹ̀ lé e. Ó bani nínú jẹ́ pé Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá tó ń pa gbogbo ayé lẹ́rìn-ín, ni oró fídíò kọ́kọ́ dé bá. Ọ̀run Móoru tó ṣe lọ́dún 1982 bọ́ sọ́wọ́ àwọn olè tó ń dà á kọ, wọ́n sì ń ta á káàkiri nígbà tí gbèsè tó jẹ lórí rẹ̀ ṣì wà lọ́rùn rẹ̀.

Nígbà tó di àwọn ọdún 1990, àwọn ṣọ́ọ̀ṣì bẹ̀rẹ̀ sí í ra ilé sinimá tàbí kí wọ́n háyà rẹ̀. Àwọn kan ṣì ń di ẹ̀bi rù wọ́n. Ẹ̀bi wọn kọ́. Òkú ni wọ́n bá nílẹ̀. Ẹni tó bá ra aṣọ òkú kọ́ ló pa á. Ìbéèrè tó yẹ kó jà ràn-ìn ni ìdí tí ìjọba tó ń gba owó orí lórí tíkẹ́ẹ̀tì nígbà tí ọjà ń tà kò fi gbé ìgbésẹ̀ kankan tó tó láti gba ilé náà là nígbà tí ọjà kò tà mọ́.

Sinimá ti padà báyìí, láti ìgbà tí Silverbird ti ṣí gbọ̀ngàn tirẹ̀ ní Erékùṣù Victoria lọ́dún 2004. Owó ńlá sì ń wọlé: A Tribe Called Judah ti Fúnkẹ́ Akíndélé pa ju bílíọ̀nù kan náírà lọ, fíìmù Nàìjíríà àkọ́kọ́ tó ṣe bẹ́ẹ̀ ní sinimá. Àmọ́ inú ilé ìtajà ńláńlá ní àwọn ìlú ńlá ni púpọ̀ nínú gbọ̀ngàn wọ̀nyí wà. Àgbẹ̀ kòkó ní Odígbó kò sí nínú ìṣirò wọn.

Wọn á ní fóònù ti wà lọ́wọ́ oníkálùkù, kí ni èèyàn tún fẹ́ fi gbọ̀ngàn ṣe? Bí bọ́ọ̀lù Arsenal àti Chelsea bá ń lọ lọ́wọ́, kí onítọ̀hún yọjú sí ilé ìwòran tó bá sún mọ́ ọn. Bẹ́ǹṣì ni wọ́n tò, jẹnẹrétọ̀ ń dún lẹ́yìnkùlé, wọ́n ń gba owó lẹ́nu ọ̀nà, ariwo sì gba gbogbo àdúgbò. Àwọn tó wà níbẹ̀ ní fóònù, wọ́n ṣì sanwó láti jókòó sáàárín àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn. Sinimá àtijọ́ gan-an nìyẹn, fíìmù nìkan ni kò sí níbẹ̀. Nítorí náà, kì í ṣe àwọn òǹwòran ló sá lọ.

Ìjọba Ìbílẹ̀ Odígbó kò nílò gbọ̀ngàn onímábù. Ohun tó nílò ni àdéhùn pẹ̀lú àwọn tó ń ṣe fíìmù, pé ní Sátidé kan lóṣooṣù, fíìmù Yorùbá tuntun kan yóò dé gbọ̀ngàn ìlú tàbí ilé ìwòran tó bá forúkọ sílẹ̀, ní owó tí apá mẹ̀kúnnù ká, tí ìpín olówó fíìmù kò sì ní sọnù. Ẹ̀rù olè á máa ba àwọn òṣèré. Ẹni tí ejò ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, yóò sá. Ṣùgbọ́n ayé Ọ̀run Móoru kọ́ la wà yìí. Wọ́n lè fi kọ́kọ́rọ́ ti fíìmù orí kọ̀ǹpútà báyìí, kó má ṣí lórí ẹ̀rọ mìíràn, kó má sì ṣí kọjá wákàtí tí wọ́n dá fún un. Ti ààbò kò sì ṣeé fojú fò, nítorí àwọn ajínigbé ti ba orúkọ ọ̀nà náà jẹ́. Kí wọ́n fi eré sí ọ̀sán, kí Àmọ̀tẹ́kùn wà nítòsí.

Ohun kan tún kù tí owó kò lè rà padà bó bá pẹ́ jù. Wọ́n rí fíìmù Shaihu Umar tí Adamu Halilu ṣe lọ́dún 1976 nínú àpamọ́ ìjọba ní Jos, wọ́n tún un ṣe, wọ́n sì fi í hàn ní Berlin lọ́dún 2018. Fíìmù lè fara pamọ́ sínú agolo fún ogójì ọdún. Àwọn tó mọ ibi tí wọ́n ti ta aṣọ funfun, iye tí wọ́n san àti ẹni tó sá jáde nígbà tí àjẹ́ yọ, kò sí agolo tó lè gbà wọ́n. Ẹni tó jẹ́ ọmọ ogún ọdún nígbà tí Aiyé jáde ti lé ní ọgọ́ta ọdún dáadáa báyìí. Bí àwọn olùkọ́ ní Ore àti Odígbó bá fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní iṣẹ́ àṣetiléwá kan ṣoṣo ní sáà yìí, kó jẹ́ pé kí wọ́n lọ bi bàbá àgbà àti ìyá àgbà wọn níbi tí wọ́n ti kọ́kọ́ wo sinimá, kí wọ́n sì kọ ìdáhùn náà sílẹ̀.