Omi Òjò Kò Kéré sí 'Pluvial': Èrò Mi Lórí Àpólà Àpèjúwe Nínú Èdè Pọtogí

Láìpẹ́ yìí ni akẹ́kọ̀ọ́ kan tí ó ń kọ́ èdè Pọtogí wá bá mi ní ọ́fíìsì. Ìwé kan wà lọ́wọ́ rẹ̀ tí ó fi ìlà pín sí ọ̀nà méjì. Ní apá òsì ni àpólà bíi 'de chuva', ìyẹn 'ti òjò', 'de rio', ìyẹn 'ti odò', àti 'de guerra', ìyẹn 'ti ogun', wà. Ní apá ọ̀tún ni ọ̀rọ̀ ẹyọ kan tí wọ́n ní ó dúró fún ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn wà: 'pluvial', 'fluvial', 'bélico'. Ó ti há gbogbo rẹ̀ sórí. Ìbéèrè rẹ̀ ni ó dùn mí dọ́kàn: "Ẹ jọ̀wọ́ sà, kí ni à ń pe 'pluvial' ní Yorùbá? Àbí èdè tiwa kò ní irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ni?"

Àwọn onígírámà Pọtogí a máa pe irú àpólà yìí ní 'locução adjetiva'. Ọ̀rọ̀ atọ́kùn, tí ó sábà máa ń jẹ́ 'de', ni ó ń ṣáájú. Ọ̀rọ̀ orúkọ a tẹ̀ lé e. Àwọn méjèèjì a sì para pọ̀ ṣe iṣẹ́ ọ̀rọ̀ àpèjúwe. 'Água de chuva' ni omi òjò, 'amor de mãe' sì ni ìfẹ́ ìyá. A lè fi ọ̀rọ̀ ẹyọ kan rọ́pò àpólà náà, kí a wí pé 'água pluvial' àti 'amor materno'. Ní ilẹ̀ Bùràsíìlì, àwọn ọmọ tí ń gbára dì fún ìdánwò àṣewọlé sí yunifásítì a máa há irú àtòkọ yìí sórí. N kò bá àtòkọ jà. Ṣùgbọ́n ohun méjì wà tí kì í sọ fún ọmọ: ibi tí ọ̀rọ̀ ẹyọ kan wọ̀nyẹn ti wá, àti ibi tí wọn kò ti lè dúró.

Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti orísun. Ọmọ Látìnì ni èdè Pọtogí. Látìnì tí àwọn ará ìlú ń sọ lẹ́nu ni ó yí padà díẹ̀díẹ̀ títí ó fi di Pọtogí. Ní ẹnu wọn ni 'pluvia' ti di 'chuva', tí 'luna' di 'lua', tí 'manus' sì di 'mão'. Lẹ́yìn náà ni àwọn ọ̀mọ̀wé padà sínú ìwé Látìnì, tí wọ́n yá 'pluvial', 'lunar' àti 'manual' láti ibẹ̀. Ìdí nìyí tí ọ̀rọ̀ orúkọ àti ọ̀rọ̀ àpèjúwe rẹ̀ kò fi jọra mọ́, bí ẹni pé wọn kì í ṣe ẹbí. Ti ogun tilẹ̀ yàtọ̀: ọ̀dọ̀ àwọn ẹ̀yà Jámánì àtijọ́ ni 'guerra' ti wá, nígbà tí 'bélico' wá láti ara 'bellum' ti Látìnì.

Èkejì ni ti ìlò. Àtòkọ yóò ní 'cardíaco' ni ó dúró fún 'do coração', ìyẹn 'ti ọkàn'. Òótọ́ ni, bí a bá ń sọ̀rọ̀ àìsàn. Ṣùgbọ́n 'amigo do coração' ni ọ̀rẹ́ àtọkànwá. Ẹni tí ó bá pe ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní 'amigo cardíaco', àìsàn ọkàn ni ó fi ń pè é yẹn! Wọ́n ń sọ pé 'material bélico' fún ohun èlò ogun, síbẹ̀ 'navio de guerra' ni wọ́n ń pe ọkọ̀ ojú omi ti ogun. 'Infantil' àti 'pueril' ni wọ́n jọ ń tò síwájú 'de criança', ìyẹn 'ti ọmọdé'. 'Literatura infantil' ni lítíréṣọ̀ àwọn ọmọdé. Ṣùgbọ́n bí a bá pe ìwà àgbàlagbà ní 'pueril', èébú ni. Ẹ tún wo 'medo de chuva', ìbẹ̀rù òjò. Òjò ni ohun tí ẹni náà ń bẹ̀rù. 'De chuva' kò ṣe àpèjúwe ìbẹ̀rù níbẹ̀, nítorí náà a kò lè sọ pé 'medo pluvial'.

Ohun tí èyí fi hàn ni pé olúkúlùkù ní ipò tirẹ̀. Nínú ìwé àwọn ẹnjiníà tí ń la ojú àgbàrá ní ìlú ńlá ni 'águas pluviais' ti wọ́pọ̀. Ìyá tí ó gbé garawa síta nígbà tí òjò ṣú, 'água da chuva' ni yóò wí. Kò sí èyí tí ó jẹ́ ọ̀gá èkejì.

Wàyí o, mo lè dá akẹ́kọ̀ọ́ mi lóhùn. Yorùbá kò ní ọ̀rọ̀ tí ó rí bíi 'pluvial' nítorí pé kò nílò rẹ̀. Bí a bá wí pé omi òjò, ọ̀rọ̀ orúkọ méjì ni a tò tẹ̀lé ara wọn, èkejì sì ń yán èkíní. Ẹ̀yán ajórúkọ ni. A kò tilẹ̀ nílò ọ̀rọ̀ atọ́kùn láàárín wọn. Ipò nìkan ti ṣe gbogbo iṣẹ́ náà. Ọmọ ọba kì í ṣe ọba ọmọ. Ọkọ̀ ogun, ilé pákó, ẹran igbó: ọ̀nà kan náà ni gbogbo wọn gbà. Ẹni tí ó bá pe èyí ní òṣì kò tíì wo èdè náà dáadáa.

Mo ń sọ èyí nítorí àwa tí a ń ṣẹ̀dá ọ̀rọ̀ fún ẹ̀kọ́ sáyẹ́ǹsì àti àwa tí a ń túmọ̀ ìwé. Nígbà mìíràn, a máa ń fi ipá wá ọ̀rọ̀ ẹyọ kan nítorí pé ẹyọ kan ni ó wà nínú èdè tí a ń túmọ̀. A ó wá hun ọ̀rọ̀ gbọọrọ kan tí ọmọ ilé ìwé kò ní lè pè, nígbà tí ọ̀rọ̀ tí ìyá rẹ̀ ń lò nílé ti tó. Bí mo bá rí 'águas pluviais' nínú ìwé, omi òjò ni n ó kọ, ojú kò sì ní tì mí.

Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́ni ní èdè Pọtogí, ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi gbólóhùn kọ́ ọmọ, ẹ má fi àtòkọ nìkan kọ́ ọ. Kí ó mọ ìgbà tí ọ̀rọ̀ ẹyọ kan yẹ, àti ìgbà tí àpólà yẹ. Kí ó sì má ti ibẹ̀ kọ́ láti fojú tẹ́ńbẹ́lú èdè ìyá rẹ̀.